Tẹ́nìkan bá ń fojú yín rí màbo: ohun tẹ́ ẹ lè sọ, ohun tẹ́ ẹ lè ṣe, àtàwọn tẹ́ ẹ lè pè

Ọdún kan àtààbọ̀ ni mo fi bá ọkùnrin kan ṣiṣẹ́ tó jẹ́ pé gbogbo ìgbà tí mo bá lanu sọ̀rọ̀ ní mítíìnì ló máa ń sín mi jẹ. Á fa ohùn mi gùn, àwọn tó kù á rẹ́rìn-ín, ọ̀gá á rẹ́rìn-ín, èmi náà á rẹ́rìn-ín torí mi ò mọ nǹkan míì tí mo lè ṣe. Tí mo bá délé, màá dùbúlẹ̀, màá máa to èsì tó yẹ kí n ti fún un, èsì tó mú bí abẹ, ó máa tó ogún tó wà lórí mi. Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo lọ̀kan nínú wọn jáde lẹ́nu mi, ohùn mi sì ń gbọ̀n, ni wọ́n bá tún rẹ́rìn-ín ju ti tẹ́lẹ̀ lọ.

Ohun tó wá fòpin sí i ò ti ẹnu mi wá rárá. Obìnrin kan wà tó máa ń jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ ilẹ̀kùn, èmi àtiẹ̀ ò tiẹ̀ fi bẹ́ẹ̀ ń sọ̀rọ̀, òun ló gbórí sókè lọ́jọ́ kan tó ní, "Ẹ jẹ́ kó parí ọ̀rọ̀ ẹ̀, mo fẹ́ gbọ́." Kò pariwo, kò bú ẹnikẹ́ni. Yàrá dákẹ́ rọ́rọ́, mo parí ọ̀rọ̀ mi. Ọkùnrin yẹn tún gbìyànjú ẹ̀ bí ẹ̀ẹ̀mejì sí i lẹ́yìn ìgbà yẹn, ẹlòmíì tún dá a dúró, ló bá jáwọ́.

Látọjọ́ yẹn lọkàn mi ò ti kúrò lórí ọ̀rọ̀ yìí, mo ń ka ohun táwọn tó ṣèwádìí ẹ̀ kọ, mo sì ń bá àwọn tójú wọn ti rí i sọ̀rọ̀, ohun tí mo sì gbà gbọ́ báyìí ni pé ẹni tó ń búlì èèyàn, ìyẹn ẹni tó dìídì dójú sọ ẹlòmíì tó ń fìtínà ẹ̀, kì í dá a ṣe. Àwọn tó ń wòran ló ń fún un lágbára, ọ̀dọ̀ wọn lọ̀pọ̀ iṣẹ́ wà. Ṣùgbọ́n ká tó débẹ̀, àwọn nǹkan kan wà tó yẹ ká ti mọ̀.

Ẹ kọ́kọ́ mọ irú ẹni tó wà níwájú yín

Kì í ṣe gbogbo ẹni tó ń múnú bí wa ló ń búlì wa o. Ẹnì kan wà tó jẹ́ pé bó ṣe ń kanra mọ́ yín ló ń kanra mọ́ gbogbo ayé, ẹnu ẹ̀ ò dáa, tára ẹ̀ bá sì balẹ̀ á tún máa bá yín ṣeré. Òmíì ò sùn dáadáa, òmíì ń jowú, òmíì ò mọ ọ̀rọ̀ sọ láti kékeré. Irú wọn ṣòro bá gbé lóòótọ́, ṣùgbọ́n wọn kì í ṣe ẹgbẹ́ ẹni tó dìídì dójú sọ yín.

Dan Olweus, ọmọ Sweden tó lo ọ̀pọ̀ ọdún ní Bergen ní Norway, tó bẹ̀rẹ̀ sí í ṣèwádìí ọ̀rọ̀ yìí láwọn ọdún 1970, ló jẹ́ ká mọ nǹkan mẹ́ta tá a lè fi dá ẹni tó ń búlì èèyàn mọ̀: ẹni náà mọ̀ọ́mọ̀ ń ṣe é, ó ń ṣe é léraléra, agbára tiẹ̀ àti tiyín ò sì dọ́gba. Ẹ fiyè sí ìkẹta yẹn dáadáa. Kì í ṣe iṣan apá nìkan là ń pè ní agbára. Ó lè jẹ́ ipò, ó lè jẹ́ owó, ó lè jẹ́ pé ọ̀rẹ́ ẹ̀ pọ̀ jù tiyín lọ, ó lè jẹ́ pé ó mọ àṣírí yín kan, ó tiẹ̀ lè jẹ́ pé ọ̀rọ̀ ń yọ̀ lẹ́nu ẹ̀ jù yín lọ.

Ìdí tí mo fi ń tẹnu mọ́ ọn ni pé àwọn méjì tí agbára wọn dọ́gba tí wọ́n ń bára wọn jà, ẹ lè pè wọ́n jókòó kẹ́ ẹ bá wọn parí ẹ̀. Ti búlì ò rí bẹ́ẹ̀. Mo ti rí ọ̀gá tó ní kí ẹni tí wọ́n ń fìyà jẹ àti ẹni tó ń fìyà jẹ ẹ́ jókòó kojú ara wọn kí wọ́n "yanjú ẹ̀ bí àgbà", ẹni tẹ́rù ń bà wá gbà pé òun lòun jẹ̀bi kó ṣáà lè jáde kúrò ní yàrá yẹn.

Tí ò bá tíì dá yín lójú, ẹ bi ara yín léèrè: tí mo bá sọ fún un pé ohun tó ṣe dùn mí, ṣé á tún ara ẹ̀ ṣe ni, àbí á kàn wá mọ ibi tó máa gún mi sí lọ́jọ́ míì? Tó bá jẹ́ ti àkọ́kọ́, ẹni tó kàn ṣòro bá gbé nìyẹn. Tó bá jẹ́ ìkejì, ẹ ò gbọ́dọ̀ dá lọ bá a.

Ẹni tó kàn ṣòro bá gbé

Irú ẹni yìí, ẹ lọ bá a, ẹ̀yin méjèèjì péré, nígbà tínú ò bí ẹnikẹ́ni. Àṣìṣe tí ọ̀pọ̀ nínú wa máa ń ṣe ni pé a máa kó ọ̀rọ̀ jọ fún oṣù mẹ́fà, a ó wá dà á sílẹ̀ gbàràgàdà lọ́jọ́ kan, ẹni náà ò ní mọ èyí tó máa dá lóhùn nínú ẹ̀, á kàn gbọ́ pé wọ́n ń bú òun. Ẹ mú ẹyọ kan ṣoṣo. Ẹ sọ ohun tó ṣẹlẹ̀, ẹ sọ ohun tó fà fún yín, kẹ́ ẹ wá sọ ohun tẹ́ ẹ fẹ́:

"Lánàá tẹ́ ẹ pariwo mọ́ mi níwájú àwọn oníbàárà, ojú tì mí débi pé ọwọ́ mi ò balẹ̀ mọ́ títí ilẹ̀ fi ṣú. Tí mo bá tún ṣàṣìṣe, ẹ jọ̀ọ́, ẹ pè mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan kẹ́ ẹ sọ ọ́ fún mi."

Ẹ wò ó pé kò sí "gbogbo ìgbà lẹ máa ń" níbẹ̀. Gbàrà tẹ́ ẹ bá ti sọ "gbogbo ìgbà", ẹni náà á wá ọjọ́ kan tí ò ṣe é jáde, ọjọ́ yẹn lẹ máa wá máa jiyàn lé lórí. Ẹ má sì pè é ní onígbèéraga tàbí aláìlójútì, ohun tójú rí tétí gbọ́ ni kẹ́ ẹ sọ. Tó bá jẹ́ ẹni tó jù yín lọ, ẹ fọ̀wọ̀ sí i, ṣùgbọ́n ẹ má fọ̀wọ̀ bo ọ̀rọ̀ náà mọ́lẹ̀. Mo mọ ẹnì kan tó lọ ro ẹjọ́ ẹ̀ fún ẹni tó jù ú lọ, "ẹ má bínú" ló fi bẹ̀rẹ̀, "ẹ má bínú" ló fi parí ẹ̀, ẹni náà wá rò pé ṣe ló wá tọrọ àforíjì.

Ẹni tó ń ráhùn ṣáá, ẹ bi í pé "kí lẹ fẹ́ ká ṣe sí i báyìí?", tí ò bá ní èsì, ọ̀rọ̀ á kúrú. Ẹni tó ń ṣèlérí tí kì í mú un ṣẹ, ẹ fi àdéhùn yín ránṣẹ́ sí i lórí fóònù, kó wà ní kíkọ. Ẹni tó máa ń gbaná jẹ, ẹ má bá a gbé ohùn sókè, ẹ ní "mo fẹ́ gbọ́ yín, ṣùgbọ́n kì í ṣe báyìí, màá padà wá ní wákàtí kan sí i", kẹ́ ẹ sì padà wá lóòótọ́, torí tẹ́ ò bá padà, ó máa rò pé ẹ sá fún òun ni.

Bí ẹyẹ ò bá fín ẹyẹ níràn, ojú ọ̀run tó ẹyẹ fò láì fara kanra. Kò pọn dandan kí ẹ̀yin àtiẹ̀ dọ̀rẹ́, kí kálukú ṣáà ti mọ àyè ẹ̀.

Tó bá jẹ́ búlì, ohun tẹ́ ẹ máa ṣe lójú ẹsẹ̀

Ìmọ̀ràn tí wọ́n máa ń kọ́kọ́ fún wa ni "má dá a lóhùn, tó bá sú u á fi ọ́ sílẹ̀". Mi ò fara mọ́ ọn tán. Fún ẹni tẹ́ ẹ ò ní rí mọ́, ó dáa, ẹ máa bá tiyín lọ. Ṣùgbọ́n ẹni tẹ́ ẹ máa rí lọ́la àti lọ́tùnla, tí ìdákẹ́ yín bá ti jọ ti ẹni tó gba ìyà náà mọ́ra, ńṣe ló máa fi kún un kó lè mọ ibi tó lè bá a dé. Ẹni tó dákẹ́ tó ń wolẹ̀ yàtọ̀ sẹ́ni tó dákẹ́ tó wò ó lójú, tó wá yíjú kúrò nígbà tó wu òun fúnra ẹ̀.

Ara lẹ máa kọ́kọ́ bójú tó. Ẹ fi ẹsẹ̀ méjèèjì tẹlẹ̀ dáadáa, ẹ jẹ́ kí èémí tẹ́ ẹ mí síta gùn ju èyí tẹ́ ẹ mí sínú lọ, ẹ̀ẹ̀mejì tàbí ẹ̀ẹ̀mẹta, àyà tó ń lù kìkì á rọlẹ̀ díẹ̀. Tó bá ṣòro láti wo ojú ẹ̀, ẹ wo àárín ojú ẹ̀ méjèèjì, lókè imú, kò ní mọ ìyàtọ̀. Kẹ́ ẹ wá sọ gbólóhùn kan tó kúrú, tí ò ní ẹ̀bẹ̀ nínú, tí ò sì ní èébú nínú:

"Mi ò fẹ́ kẹ́ ẹ máa pè mí bẹ́ẹ̀."

"Ẹ tún un sọ, mi ò gbọ́ ọ dáadáa."

"Kí lẹ ní lọ́kàn tẹ́ ẹ fi sọ bẹ́ẹ̀?"

"Ó ti tó."

"Ẹ tún un sọ" ni mo fẹ́ràn jù nínú wọn. Ọ̀rọ̀ àbùkù máa ń dùn lẹ́nu nígbà àkọ́kọ́, kì í dùn mọ́ tí wọ́n bá ní kí ẹni tó sọ ọ́ tún un sọ kó sì ṣàlàyé ẹ̀ fún ẹni tí ò rẹ́rìn-ín. Ọ̀pọ̀ á ní "àwàdà ni o, ṣé o ò mọ àwàdà ni?" Èsì ẹ̀ ni "Mo mọ̀ ọ́n, èyí ò pa mí lẹ́rìn-ín", kẹ́ ẹ wá dákẹ́. Ẹ má fi kún un. Àlàyé tẹ́ ẹ bá ṣe lẹ́yìn ìyẹn lóun náà máa mú ṣe ẹ̀sín.

Ẹ sọ àwọn gbólóhùn yìí sókè nílé, kẹ́tí yín gbọ́ ọ, ìgbà mẹ́wàá, ìgbà ogún. Ìdí tí gbogbo èsì tèmi ò fi wúlò nìyẹn, inú ọkàn ni mo ti ń sọ wọ́n, ẹnu mi ò mọ̀ wọ́n rí. Ẹ̀rù á ṣì máa bà yín lọ́jọ́ náà, ṣùgbọ́n ẹnu tó ti sọ nǹkan rí á rí i sọ.

Ẹ má sì fi irú ohun tó ṣe san án fún un. Mo mọ̀ pé ó máa ń wu èèyàn, ó wu èmi náà. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá dé lẹ́yìn ò ní mọ ẹni tó bẹ̀rẹ̀, ẹ̀yin méjèèjì ni wọ́n máa pè ní oníjà, ó sì ti bọ́ nínú ọ̀ràn ẹ̀ nìyẹn.

Tó bá ti di pé ó fẹ́ nawọ́ sí yín, tó mú nǹkan ìjà dání, tàbí tó dínà mọ́ yín, ẹ gbàgbé gbogbo gbólóhùn tí mo kọ yìí. Ẹ kúrò níbẹ̀. Ẹ lọ síbi tí èèyàn wà, ẹ pariwo, tó bá jẹ́ fóònù tàbí owó ló ń bèèrè ẹ gbé e fún un. Ẹ̀yìn tẹ́ ẹ bá ti bọ́ lọ́wọ́ ewu lẹ máa sọ fún ọlọ́pàá àtàwọn ará ilé yín.

Àwọn tó ń wòran

Ní Toronto ní Kánádà, àwọn olùwádìí mẹ́ta kan, Hawkins, Pepler àti Craig, lo kámẹ́rà láti wo bí àwọn ọmọ iléèwé ṣe ń ṣe síra wọn ní pápá ìṣeré, wọ́n sì tẹ ohun tí wọ́n rí jáde lọ́dún 2001. Nínú ìgbà 100 tí ọmọ kan bá ń fìtínà ọmọ kan, ìgbà bíi 88 làwọn ọmọ míì wà níbẹ̀ tí wọ́n ń wò. Ìgbà bíi 19 péré lẹnìkan dá sí i. Ṣùgbọ́n nígbà tí wọ́n bá dá sí i, ó lé ní ìdajì ìgbà tó dáwọ́ dúró láàárín ìṣẹ́jú àáyá 10. Ẹ rò ó wò ná. Ohun tó ń ba ọmọ kan lọ́kàn jẹ́ láti oṣù mélòó kan, gbólóhùn kan látẹnu ẹlòmíì lè dá a dúró kẹ́ ẹ tó ka oókan dé ẹẹ́wàá.

Olùwádìí kan, Christina Salmivalli, àtàwọn ẹlẹgbẹ́ ẹ̀ ní Finland ti kọ ọ́ lọ́dún 1996 pé ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni ipa táwọn tó wà níbẹ̀ ń kó: àwọn kan ń bá a ṣe é, àwọn kan ń rẹ́rìn-ín, ń pàtẹ́wọ́, àwọn kan yíjú kúrò bíi pé wọn ò rí nǹkan kan, àwọn díẹ̀ ló ń gbèjà. Àwọn tó ń rẹ́rìn-ín yẹn ló ń ká mi lára jù, torí ọ̀pọ̀ nínú wọn ò kórìíra ẹni tí wọ́n ń rẹ́rìn-ín sí, ẹ̀rù ń bà wọ́n kó má kàn wọ́n ni. Nígbà tí mo wà nílé ẹ̀kọ́ girama, ọmọkùnrin kan tó máa ń kólòlò wà ní kíláàsì wa, tó bá ti fẹ́ kàwé síta gbogbo kíláàsì á bẹ̀rẹ̀ ẹ̀rín, mo wà lára wọn, mo rẹ́rìn-ín. Mi ò tíì gbàgbé ojú ẹ̀ títí dòní, mo sì mọ̀ báyìí pé ẹ̀rín mi wà lára ohun tó jẹ́ kí wọ́n tún ṣe é lọ́jọ́ kejì.

Nígbà tí mo wá bi obìnrin ẹ̀gbẹ́ ilẹ̀kùn yẹn pé kí ló dé tó fi pẹ́ tó bẹ́ẹ̀ kó tó sọ̀rọ̀, ó ní òun rò pé àwọn tó sún mọ́ mi ti ń bá ọkùnrin yẹn sọ ọ́ níkọ̀kọ̀ ni. Àwọn tó sún mọ́ mi rò pé mo fara mọ́ ọn torí mo máa ń rẹ́rìn-ín. Gbogbo wa là ń retí ara wa. Torí ẹ̀ ni mo fi ń sọ pé ẹ má dúró kí àánú yín ṣe wọ́n, ẹ lọ bá wọn, báyìí lẹ sì máa ṣe é:

Ẹ mú ẹnì kan, kì í ṣe gbogbo gúrúùpù. Kò ní láti jẹ́ ọ̀rẹ́ yín tímọ́tímọ́, ẹni tí ẹ ti kíyè sí pé kì í rẹ́rìn-ín nígbà táwọn tó kù bá ń rẹ́rìn-ín ló dáa jù. Ẹ bá a sọ̀rọ̀ nígbà tí ẹ̀yin méjì nìkan wà. Ẹ má ní "ẹ jọ̀ọ́ ẹ máa gbè mí", kò sẹ́ni tó mọ ohun tí ìyẹn túmọ̀ sí, ẹ̀rù sì lè bà á pé ẹ fẹ́ fa òun sínú ìjà. Ohun kékeré kan tó lè ṣe ni kẹ́ ẹ bẹ̀ ẹ́ sí: "Lọ́jọ́ Ajé tá a bá ṣe mítíìnì, tó bá tún já lu ọ̀rọ̀ mi, ṣé ẹ lè bá mi sọ pé ẹ fẹ́ gbọ́ mi parí?" tàbí "Tí mo bá ń lọ sílé lónìí, ṣé a lè jọ rìn?" Tẹ́ni àkọ́kọ́ bá ti gbà, ẹni kejì ò ní ṣòro. Àgbájọ ọwọ́ la fi ń sọ̀yà.

Lọ́dún 2007 ní Nova Scotia, ní Kánádà náà, wọ́n fìtínà ọmọ tuntun kan nílé ìwé torí pé ó wọ ṣẹ́ẹ̀tì aláwọ̀ pínńkì. Àwọn ọmọ kíláàsì àgbà méjì, David Shepherd àti Travis Price, lọ ra àádọ́ta ẹ̀wù pínńkì, wọ́n pín in fáwọn ọmọ iléèwé wọn kí wọ́n wọ̀ ọ́. Wọn ò bá ẹnikẹ́ni jà. Wọ́n kàn ṣe é tí ọmọ yẹn ò fi dá wà mọ́, ìyẹn ni wọ́n sì ń rántí lọ́dọọdún láwọn ibi púpọ̀ báyìí.

Tó bá wá jẹ́ ẹ̀yin lẹ̀ ń wo ohun tí wọ́n ń ṣe fẹ́lòmíì, kò di dandan kẹ́ ẹ kojú ẹni tó ń ṣe é. Ẹ lè yí ọ̀rọ̀ padà sí nǹkan míì. Ẹ lè lọ dúró ti ẹni náà, kẹ́ ẹ pè é pé ẹ ní ọ̀rọ̀ bá a sọ, kẹ́ ẹ jọ kúrò níbẹ̀. Ẹ lè lọ pe ẹni tó nípò. Tẹ́ ò bá rí ìkankan ṣe nínú wọn, ẹ padà lọ bá a tó bá yá, ẹ ní "mo rí ohun tó ṣẹlẹ̀, kò dáa, tẹ́ ẹ bá nílò ẹlẹ́rìí èmi nìyí." Ẹni tí wọ́n bá sọ irú ẹ̀ fún á mọ̀ pé ojú òun ò tàn òun jẹ.

Ẹ máa kọ ọ́ sílẹ̀

Tó bá ti ṣẹlẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì, ẹ wá ìwé kékeré kan. Ọjọ́ wo, aago mélòó, ibo, kí ló sọ gan-an, kí ló ṣe, ta ló wà níbẹ̀. Kẹ́ ẹ kọ ọ́ lọ́jọ́ náà gan-an. Ẹ má fi í sórí kọ̀ǹpútà ọ́fíìsì, torí tí wọ́n bá ní kẹ́ ẹ máa lọ lọ́jọ́ kan, ibẹ̀ náà ló máa kú sí. Ìyàtọ̀ ńlá ló wà láàárín ẹni tó lọ sọ fún HR, ẹ̀ka tó ń rí sọ́rọ̀ òṣìṣẹ́, pé "ó máa ń rí mi fín" àti ẹni tó ní "lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun ọjọ́ 4, ní aago 10 àárọ̀, ó ju fáìlì mi sílẹ̀ níwájú èèyàn mẹ́ta, ó ní orí mi ò pé, orúkọ àwọn tó wà níbẹ̀ nìyí, lọ́jọ́ Ẹtì ọjọ́ 7 ó tún ṣe é." Àkọ́kọ́, wọ́n á ní kẹ́ ẹ ní sùúrù. Ìkejì, wọ́n á ní láti dá a lóhùn.

Ìwé ni kẹ́ ẹ fi rìpọ́ọ̀tù, kẹ́ ẹ kọ ohun tẹ́ ẹ fẹ́ kí wọ́n ṣe síbẹ̀: kí wọ́n yí yín kúrò lábẹ́ ẹ̀, kí wọ́n jẹ́ kẹ́nì kẹta máa wà níbẹ̀ tẹ́ ẹ bá ń bá a ṣèpàdé, ohun yòówù tí ì báà jẹ́. Tí wọ́n bá pè yín sọ̀rọ̀ lásán, ẹ padà délé kẹ́ ẹ fi í-meèlì ránṣẹ́ sí wọn: "ohun tá a jọ sọ lónìí nìyí". Tó bá jẹ́ ọ̀gá yín gan-an ló ń ṣe é, ẹ wá ẹni tó wà lókè ẹ̀, tàbí ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ tó bá wà, tàbí agbẹjọ́rò. Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹlẹ́kún rárá: lọ́dún 2019, ILO, àjọ àgbáyé tó ń rí sọ́rọ̀ iṣẹ́, ṣe Àdéhùn 190 lórí ìwà ipá àti ìfìtínà níbi iṣẹ́, ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ lọ́dún 2021, ó kan àwọn tó ń kọ́ṣẹ́ àtàwọn tó ń wáṣẹ́ pẹ̀lú, ó sì sọ ọ́ pé ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo náà lè tó láti pè é ní ìfìtínà. Ẹ wò ó bóyá orílẹ̀-èdè tẹ́ ẹ wà ti fọwọ́ sí i.

Tẹ́ ẹ bá ti ṣe gbogbo ẹ̀ tí ò yí padà, ẹ bẹ̀rẹ̀ sí í wá ibòmíì. Ẹni tó kúrò níbi tí wọ́n ti ń pa á díẹ̀díẹ̀ ò sá o, ó gba ara ẹ̀ sílẹ̀ ni.

Lórí fóònù ńkọ́?

Ibẹ̀ rọrùn díẹ̀ torí ẹ̀rí ń ti ọwọ́ òun fúnra ẹ̀ jáde. Ẹ má fèsì. Ẹ kọ́kọ́ ya sikirínṣọ́ọ̀tù, kí orúkọ, ọjọ́ àti aago hàn níbẹ̀, ẹ̀yìn náà ni kẹ́ ẹ tó rìpọ́ọ̀tù ẹ̀, kẹ́ ẹ wá bílọ́ọ̀kì ẹ̀. Ọ̀pọ̀ máa ń kọ́kọ́ bílọ́ọ̀kì, tí wọ́n bá wá nílò ẹ̀rí, ó lè ti pa gbogbo ẹ̀ rẹ́. Tó bá ń halẹ̀ pé òun máa gbé fọ́tò ìhòòhò yín síta tẹ́ ò bá fún òun lówó, ẹ má sanwó, torí tẹ́ ẹ bá san ti òní á bèèrè ti ọ̀la, ẹ sọ fẹ́nì kan tẹ́ ẹ fọkàn tán lọ́jọ́ náà gan-an, kẹ́ ẹ jọ lọ sọ́dọ̀ ọlọ́pàá. Ìtìjú ló fi so yín mọ́lẹ̀, ọjọ́ tẹ́nì kejì bá ti gbọ́ ni okùn yẹn máa ń já.

Tó bá jẹ́ ọmọ yín

Lọ́dún 2019 UNESCO, àjọ àgbáyé tó ń rí sọ́rọ̀ ẹ̀kọ́, kéde pé ó súnmọ́ ọmọ kan nínú mẹ́ta táwọn akẹ́gbẹ́ ti fìtínà nílé ìwé láàárín oṣù kan. Ọ̀pọ̀ ò ní sọ. Ẹ máa wo ara wọn: ọmọ tí inú ń run ní gbogbo àárọ̀ tí iléèwé wà tí ò sì run ún lọ́jọ́ ìsinmi, ọmọ tí nǹkan ẹ̀ ń sọ nù ṣáá, tó ń gba ọ̀nà tó jìn wálé, tó jáwọ́ nínú ohun tó fẹ́ràn.

Ẹ má bi í pé "ta ló ń nà ọ́?", ẹ bi í pé "ta lo máa ń jókòó tì tẹ́ ẹ bá jáde ṣeré?" kẹ́ ẹ gbọ́ ohun tó máa sọ. Tó bá ti wá ń sọ ọ́, ẹ jọ̀ọ́ ẹ má fìbínú dìde. Ọmọ tó bá rí i pé ọ̀rọ̀ òun ti fẹ́ dá ìjà ńlá sílẹ̀ ò ní sọ ìyókù. Ẹ gbọ́ ọ dópin, ẹ ní "o ṣeun tó o sọ fún mi, ìwọ kọ́ lo jẹ̀bi", kẹ́ ẹ bi í ohun tóun fúnra ẹ̀ fẹ́ kẹ́ ẹ ṣe. Ẹ má ní kó lọ lù ú padà. Tó bá lágbára àtilù ú, kò ní jẹ́ pé òun ni wọ́n ń lù. Ẹ̀yin àti tíṣà ẹ̀ ni kẹ́ ẹ jọ sọ ọ́, pẹ̀lú àkọsílẹ̀ lọ́wọ́ yín, ẹ má lọ sílé òbí ọmọ kejì, mi ò tíì rí ibi tí ìyẹn ti yọrí sí rere. Kẹ́ ẹ sì wá ọmọ kan tó níwà pẹ̀lẹ́ nínú kíláàsì ẹ̀ tí wọ́n lè jọ máa ṣeré, ìyẹn lè ṣe ohun tí ìjìyà ò lè ṣe.

Ẹni tó jẹ́ ará ilé, àti ohun tó ń ṣe sí yín nínú

Ẹbí ò ṣe é bílọ́ọ̀kì. Ṣùgbọ́n ẹ lè dín àkókò tẹ́ ẹ fi ń wà lọ́dọ̀ ẹ̀ kù, ẹ lè mú ẹlòmíì dání tẹ́ ẹ bá ń lọ, ẹ sì lè sọ ọ́ ṣáájú: "tẹ́ ẹ bá tún mú ọ̀rọ̀ ara mi wá, màá dìde." Tó bá mú un wá, ẹ dìde, láìbínú, kẹ́ ẹ tún padà lọ kí i lọ́jọ́ míì. Tó bá ti wọ lílù tàbí ìdẹ́rùbà nínú ilé, ìyẹn ti kọjá ọ̀rọ̀ sùúrù, ẹ wá ibi ààbò àti ìrànlọ́wọ́ àwọn tíṣẹ́ wọn jẹ mọ́ ọn.

Ẹ má sì jẹ́ kẹ́nikẹ́ni sọ fún yín pé ọ̀rọ̀ lásán ò lè dun èèyàn. Lọ́dún 2003, olùwádìí kan, Naomi Eisenberger, àtàwọn ẹlẹgbẹ́ ẹ̀ jẹ́ káwọn èèyàn kan ṣe eré jíju bọ́ọ̀lù síra ẹni lórí kọ̀ǹpútà, wọ́n wá ṣe é táwọn tó kù ò fi ju bọ́ọ̀lù sí wọn mọ́. Ibì kan nínú ọpọlọ tó máa ń ṣiṣẹ́ tára bá ń dun èèyàn ló ṣiṣẹ́ nínú wọn. Torí náà tẹ́ ò bá rí oorun sùn, tí oúnjẹ ò lọ, tẹ́ ẹ bẹ̀rẹ̀ sí í gba ohun tó ń pè yín gbọ́, ọgbẹ́ gidi nìyẹn, ẹ lọ rí dókítà tàbí ẹni tó ń gbani nímọ̀ràn. Tó bá ti ń wá sí yín lọ́kàn pé kẹ́ ẹ kúkú kú, ẹ má dá wà lónìí, ẹ sọ fún ẹnì kan kílẹ̀ tó ṣú.

Ohun tẹ́ ẹ lè ṣe nísinsìnyí ò ju ìṣẹ́jú méjì lọ. Ẹ gbé fóònù yín, ẹ wá orúkọ ẹnì kan ṣoṣo tí kì í rẹ́rìn-ín nígbà táwọn tó kù ń rẹ́rìn-ín, kẹ́ ẹ tẹ èyí ránṣẹ́ sí i: "Ẹ jọ̀ọ́, ṣé ẹ máa láyè lọ́la? Ohun kan ń ṣẹlẹ̀ sí mi, mo fẹ́ kẹ́ ẹ bá mi mọ̀ sí i."